Ẹ Má Jẹ́ Kí Ojúlówó Kásẹ́ẹ̀tì Jáde Nílé

Ẹ̀yin ará wa ní Ìkẹ́rẹ́, ní Ìsẹ̀, ní Èmùré àti ní gbogbo ìlú tó yí wọn ká, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fetí sí mi. Àwọn tó ń ṣe dọ́kúmẹ́ńtárì ti ń wá sọ́dọ̀ wa. Fídíò àtijọ́ ni wọ́n ń béèrè: ti ìwúyè ọba, ti òkú àgbà, ti ọdún Olósùnta, ti ọjọ́ tí a ṣí ṣọ́ọ̀ṣì tàbí tí a fi ìpìlẹ̀ ilé-ìwé lélẹ̀. Inú mi dùn sí i, nítorí ìtàn apá gúúsù Èkìtì kò tíì hàn tó bó ṣe yẹ. Ohun tó ń kọ mí lóminú ni bí a ṣe ń fi nǹkan lé wọn lọ́wọ́. Àlejò á dé tòun ti ẹnu dídùn, a ó wọ yàrá lọ, a ó fa àpótí jáde lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, a ó sì kó gbogbo kásẹ́ẹ̀tì inú rẹ̀ fún un. A kò kọ ìwé kankan. A kò ṣe ẹ̀dà kankan sílé. Nọ́ńbà fóònù nìkan ló máa ń kù sí wa lọ́wọ́, tó bá sì ṣe díẹ̀, nọ́ńbà náà kò ní lọ mọ́.

Ẹ̀bẹ̀ mi kò ju ẹyọ kan lọ: ojúlówó kásẹ́ẹ̀tì kò gbọdọ̀ jáde nílé. Ẹ̀dà ni kí àlejò mú lọ.

Àwa ará Ìkẹ́rẹ́ gan-an ló yẹ kí ọ̀rọ̀ yìí tètè yé jù. Ní nǹkan bí ọdún 1910 sí 1914, Ọlọ́wẹ̀, agbẹ́gilére tí ilé ayé mọ̀ sí Ọlọ́wẹ̀ Ìsẹ̀, gbẹ́ ilẹ̀kùn kan fún ààfin Ògògà, ọba ìlú wa. Ó gbẹ́ ọba jókòó lórí àga, olorì dúró lẹ́yìn rẹ̀, ó sì gbẹ́ aṣojú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì tí àwọn èèyàn gbé sórí wá kí ọba. Lọ́dún 1924 wọ́n gbé ilẹ̀kùn náà lọ sí ìpàtẹ ńlá tí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ṣe ní Wembley, nílùú Lọ́ńdọ̀nù. Ó wu àwọn ará British Museum, wọ́n fẹ́ rà á. Kábíyèsí kò tà á, ṣùgbọ́n ó gbà kí wọ́n fi àga ọba kan tí wọ́n ṣe ní ìlú Gẹ̀ẹ́sì pààrọ̀ rẹ̀. Lọ́ńdọ̀nù ni ilẹ̀kùn náà wà títí di òní. Òpó kan láti ààfin yẹn kan náà ń bẹ ní Art Institute nílùú Chicago, láti ọdún 1984. Ọmọ Ìkẹ́rẹ́ tó bá fẹ́ fi ojú ara rẹ̀ rí wọn, àfi kó gba físà.

Ilẹ̀kùn yẹn ṣì ní orúkọ, ó ní ẹni tó ń tọ́jú rẹ̀, a sì mọ ibi tó wà. Kásẹ́ẹ̀tì ìwúyè tí ẹ kó fún ẹnì kan ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan kò ní irú àǹfààní bẹ́ẹ̀. Ẹni tó mú un lè kó kúrò nílé tó ń gbé, iṣẹ́ rẹ̀ lè dẹnu kọlẹ̀, ó lè kú. Àwọn tó máa kó ẹrù rẹ̀ kò ní mọ̀ pé ojú bàbá yín ló wà nínú ike dúdú yẹn. Ààtàn ni wọ́n máa dà á sí.

Ewu kejì wà tí kò ní í ṣe pẹ̀lú àlejò rárá. Kásẹ́ẹ̀tì ń kú fúnra rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀rọ tí a fi ń wò ó ń tán lọ. Ilé-iṣẹ́ Funai ti ilẹ̀ Japan, tó ṣe ẹ̀rọ fídíò VHS kẹ́yìn, dáwọ́ dúró ní oṣù Keje ọdún 2016. Láti ìgbà náà, èyí tó wà nílẹ̀ nìkan la ń tún ṣe, èèyàn tó mọ̀ ọ́n tún ṣe sì ń dàgbà. Ọdún 2025 ni ilé àkójọ fíìmù ti ilẹ̀ Australia ti fi ṣe gbèdéke pé èyí tí a kò bá tíì dà kọ di ìgbà náà lè má ṣeé gbà là mọ́. Lọ́dún 2019, UNESCO àti ẹgbẹ́ àwọn olùtọ́jú ohùn àti fídíò lágbàáyé náà pariwo síta lórí ọ̀rọ̀ yìí kan náà. Gbèdéke náà ti dé bá wa, ṣùgbọ́n kò tíì pẹ́ jù fún gbogbo rẹ̀. Mo ti rí kásẹ́ẹ̀tì ìgbà ìjọba ológun tó ṣì ń sọ̀rọ̀ ketekete.

Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé ohun tó ń pa á. Téèpù inú kásẹ́ẹ̀tì jẹ́ ọ̀rá tẹ́ẹ́rẹ́ kan, wọ́n fi àtè lẹ ìyẹ̀fun irin mọ́ ọn, inú ìyẹ̀fun irin yẹn sì ni àwòrán àti ohùn wà. Àtè náà máa ń fa omi láti inú afẹ́fẹ́. Ilẹ̀ tiwa, àárín àpáta àti igbó la wà, òjò sì ń bá wa ṣeré ju ìdajì ọdún lọ. Bí ilé bá ń jò tàbí tí àpótí bá jókòó sórí sìmẹ́ńtì tútù, àtè yóò rọ̀, ìyẹ̀fun irin yóò bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí. Lẹ́yìn náà ni ìdọ̀tí tó ń hu yóò dé.

Ẹ gbé kásẹ́ẹ̀tì kan síbi tí ìmọ́lẹ̀ wà, kí ẹ sì wo ojú fèrèsé kékeré tó wà lára rẹ̀. Téèpù tó dáa máa ń dúdú, ó máa ń dán, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ á tẹ́ pẹrẹsẹ bó ṣe yí po. Bí ẹ bá rí nǹkan funfun lórí rẹ̀, bí ìyẹ̀fun tàbí bí òwú, ó ti bu nìyẹn. Ẹ má fi í sínú ẹ̀rọ, kódà bí ẹ bá kàn fẹ́ wò ó díẹ̀. Ìdọ̀tí náà yóò lẹ̀ mọ́ orí ẹ̀rọ, ẹ̀rọ yóò ha téèpù náà, kásẹ́ẹ̀tì mìíràn tí ẹ bá sì fi sí i lẹ́yìn rẹ̀ yóò kó àrùn náà. Ẹ yà á sọ́tọ̀ kúrò lára àwọn yòókù. Ẹ má sá a sóòrùn. Ẹ má fi kẹrosíìnì, ọṣẹ tàbí sípíríìtì nù ún. Iṣẹ́ ẹni tó mọ̀ ọ́n ni, ó sì máa ń ṣeé ṣe. Fíìmù oníròólù àtijọ́ náà ní àmì tirẹ̀: bí ẹ bá ṣí agolo rẹ̀ tí òórùn fínígà jáde, ó ti ń bàjẹ́, ó sì lè ran èyí tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

Èyí tó dáa ńkọ́? Ẹ gbé e kúrò nílẹ̀, kí ẹ má sì gbé e sún mọ́ páànù òrùlé. Àárín ilé, níbi tí afẹ́fẹ́ ń gbà kọjá, ló yẹ ẹ́. Kí ó dúró ní òòró bí ìwé ṣe ń dúró lórí pẹpẹ. Kí ó jìnnà sí sípíkà, nítorí irin òòfà inú sípíkà lè pa ohun tó wà lórí rẹ̀ rẹ́. Ikán, eku àti aáyán kò nílò àlàyé lẹ́nu mi.

Ohun kan tún wà lẹ́yìn kásẹ́ẹ̀tì VHS tí ọ̀pọ̀ kò kà sí, ike pẹlẹbẹ kékeré kan ní apá òsì ẹ̀yìn rẹ̀. Bí ẹ bá fi ọ̀bẹ kán an, ẹnikẹ́ni kò lè ṣèèṣì gba nǹkan mìíràn sórí kásẹ́ẹ̀tì náà mọ́. Ẹ kán an lónìí. Ẹ ò lè mọ iye ìwúyè àti ìsìnkú tó wà lábẹ́ bọ́ọ̀lù àti fíìmù àgbéléwò ní ilẹ̀ yìí, nítorí pé ọmọ kan ń wá kásẹ́ẹ̀tì tó máa fi gba eré.

Àwọn ilé-iṣẹ́ ńlá pàápàá ti ṣe irú àṣìṣe yìí. BBC ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì pa ọ̀pọ̀ eré àtijọ́ rẹ́ láti lè tún téèpù lò, eré Doctor Who sì wà lára wọn. Lọ́dún 2013 ni a gbọ́ pé ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Philip Morris rí mẹ́sàn-án nínú àwọn apá tó sọnù náà. Jos ni ó ti rí wọn, ní ilẹ̀ Nàìjíríà wa níbí, nínú yàrá ìkẹ́rù ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kan. Àmọ́ apá kẹta The Web of Fear, ọ̀kan lára ìtàn Doctor Who náà, kò bá wọn délé. Morris ní ó wà níbẹ̀ nígbà tí òun kọ́kọ́ kan àwọn agolo fíìmù náà, ṣùgbọ́n kó tó di pé ètò àtikó wọn parí, ó ti pòórá. Wọ́n ti rí i, wọ́n ti mọ iyì rẹ̀, síbẹ̀ ó bọ́ láàárín ìgbà tí ọ̀rọ̀ wà lẹ́nu àdéhùn. Ẹ ṣọ́ra fún àkókò yẹn gan-an. Ní ìlú Jos kan náà ni wọ́n ti rí fíìmù Shaihu Umar tí Adamu Halilu ṣe ní 1976, tí a ti rò pé ó ti ṣègbé. Wọ́n tún un ṣe ní Jámánì, wọ́n sì gbé e jáde ní àjọ̀dún fíìmù Berlin lọ́dún 2018. Bí ẹnì kan bá ti gbá àwọn ibi ìkẹ́rù yẹn mọ́ lọ́dún mẹ́wàá ṣáájú, kò sí ohun tí à bá máa sọ.

Nítorí náà, ẹ̀yin olórí ṣọ́ọ̀ṣì, ẹ̀yin ọ̀gá ilé-ìwé, ẹ̀yin akọ̀wé ẹgbẹ́ ìdàgbàsókè ìlú, ẹ má jẹ́ kí a gbá yàrá ìkẹ́rù láìjẹ́ pé àgbà kan wo ohun tó wà níbẹ̀.

Ó tọ́ kí n bá ẹ̀yin ọmọ wa tó ń ṣe dọ́kúmẹ́ńtárì sọ̀rọ̀ pẹ̀lú. Ẹ mọ ibi tí ẹ ó wá a sí. Mo ń rí àwọn tó ń lọ sí Adó-Èkìtì lọ béèrè fídíò ọdún 1985, wọ́n á padà lọ́wọ́ òfo, wọ́n á ní kò sí ìtàn. Ọjọ́ kìíní oṣù Kẹwàá ọdún 1996 ni wọ́n dá Ìpínlẹ̀ Èkìtì sílẹ̀. Ṣáájú ìgbà náà, láti oṣù Kejì ọdún 1976, Ìpínlẹ̀ Oǹdó la wà, Àkúrẹ́ sì ni olú-ìlú wa. Ohun tí tẹlifíṣọ̀n ìjọba yà nípa Ìkẹ́rẹ́, Ìsẹ̀ àti Èmùré ní ogún ọdún yẹn, Àkúrẹ́ ni kí ẹ ti kọ́kọ́ béèrè rẹ̀. Ẹ wo olóògbé Bámidélé Olúmìlúà, ọmọ Ìkẹ́rẹ́, tí a fi orúkọ rẹ̀ sọ yunifásítì tó wà nílùú náà. Gómìnà Ìpínlẹ̀ Oǹdó ni ó jẹ́ ní 1992 sí 1993. Ta ló máa wá fídíò ìbúra rẹ̀ lọ sí Adó? Bó bá sì ju ìyẹn lọ sẹ́yìn, Ìbàdàn ló kàn, níbi tí tẹlifíṣọ̀n WNTV ti bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 31 oṣù Kẹwàá ọdún 1959. Ti ìgbà ìjọba amúnisìn, Lọ́ńdọ̀nù ni ọ̀pọ̀ rẹ̀ wà. Ẹ lè rí àkójọ orúkọ àwọn fíìmù náà lórí íntánẹ́ẹ̀tì, lábẹ́ iṣẹ́ tí wọ́n pè ní Colonial Film.

Ẹ má sì rò pé ohun tí ẹ rí wò lọ́fẹ̀ẹ́, ẹ lè lò ó lọ́fẹ̀ẹ́. Lọ́dún 2014, British Pathé kó fíìmù ẹgbẹ̀rún márùndínláàádọ́rùn-ún (85,000) sórí YouTube. Wíwò ni wọ́n kó o síbẹ̀ fún. Ẹni tó bá gé e sínú fíìmù tirẹ̀ láìgba àṣẹ lè rí ìwé lọ́yà gbà, iṣẹ́ ọdún méjì á sì dúró sójú kan. Lábẹ́ òfin wa náà, Copyright Act ti 2022, ẹ̀tọ́ orí fíìmù kì í tán títí àádọ́ta ọdún lẹ́yìn tó bá jáde. Ẹni tó ya fídíò ìsìnkú ní 1995 ṣì lè ní ẹ̀tọ́ lórí rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹbí ló sanwó, àfi tí ìwé bá wà láàárín wọn tó sọ ohun mìíràn. Olórin tí orin rẹ̀ ń dún lábẹ́ àwòrán náà ní ẹ̀tọ́ tirẹ̀. Ẹ wá ayàwòrán náà tàbí àwọn ọmọ rẹ̀ kàn kí ẹ tó ṣí ẹnu àpò ẹni tó ń náwó fún yín.

Irọ́ ni mo bẹ̀rù jù nínú iṣẹ́ yín. Bí ẹ kò bá rí fídíò ọdún Olósùnta ti ìgbà kan, ẹ má mú ti ìlú mìíràn dí i. Ẹ má fi ẹ̀rọ AI mú fọ́tò àgbà kan sọ̀rọ̀, kí ẹ sì fi hàn wá bí ẹni pé bẹ́ẹ̀ ló rí lóòótọ́. Ọmọ tó bá wò ó lónìí á gbà á gbọ́ títí tó fi máa darúgbó. Ọ̀rọ̀ oyè ní ìlú wa kò rọrùn, gbogbo ayé ló sì gbọ́ nípa aáwọ̀ tó wà láàárín Ògògà àti Olúkẹ́rẹ́. Fídíò tí ẹ gé ní àárín, tí ẹ yọ ohùn ẹnì kan kúrò níbẹ̀, lè di ẹ̀rí ní kóòtù tàbí kó dá ìjà sílẹ̀ láàárín àdúgbò. Ẹ tọ́jú odindi rẹ̀, kí ẹ kọ sílẹ̀ ibi tí ẹ ti gé e, kí ẹ sì gbọ́ tẹnu ìhà méjèèjì. Àwọn ètùtù kan sì wà tí a kò gbọdọ̀ fi han gbogbo ayé, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹnì kan ti yà á rí. Ẹ bi àwọn àwòrò léèrè kí ẹ tó gbé e jáde. Bí wọ́n bá ní rárá, rárá náà ni.

Ní báyìí, ẹ̀yin ẹbí tó ni kásẹ́ẹ̀tì, bí àlejò bá dé, ẹ gbà á tọwọ́tẹsẹ̀. Ẹ bi í pé kí ni orúkọ iṣẹ́ náà, ta ló ń náwó sí i, ibo ni wọ́n ti máa fi hàn. Ẹni tó mọ iṣẹ́ rẹ̀ kò ní bínú sí ìbéèrè yìí. Ẹ ní kó gbé ẹ̀rọ wá dà á kọ lójú yín, tàbí kí ọmọ yín kan tẹ̀lé kásẹ́ẹ̀tì náà lọ, kó jókòó tì í títí yóò fi parí, kó sì gbé e padà wálé lọ́jọ́ náà. Ẹ kọ ọ́ sínú ìwé méjì, ọ̀kan fún yín, ọ̀kan fún un: ohun tó gbà, ọjọ́ tó gbà á, iṣẹ́ kan ṣoṣo tó máa lò ó fún, orúkọ ẹbí tó máa wà ní ìparí fíìmù, iye tó san bó bá san, àti pé ẹ̀dà tó dáa kan yóò wá sọ́dọ̀ yín. Kí ẹlẹ́rìí fọwọ́ sí i. Bí ìwé tó gbé wá bá sọ pé ẹ ti yọ̀ǹda gbogbo ẹ̀tọ́ títí láé, ẹ má fọwọ́ sí i, bó ti wù kí owó náà pọ̀ tó. Olóògbé Moses Ọláìyá, Bàbá Sàlá wa, fi gbogbo ohun tó ní ṣe fíìmù Ọ̀run Móoru ní 1982. Àwọn olè fíìmù rí ẹ̀dà rẹ̀ gbà, wọ́n tẹ̀ ẹ́ káàkiri, òun tó ni iṣẹ́ sì jẹ gbèsè. Bí a bá lè ṣe bẹ́ẹ̀ fún ẹni tí gbogbo Nàìjíríà mọ̀, kí ni kò ní ṣẹlẹ̀ sí èmi àti ẹ̀yin?

Tí ẹ bá ti dà á kọ, iṣẹ́ kò tíì tán. Téèpù wákàtí kan tí a dà kọ dáadáa lè gbà tó gígábáìtì mẹ́tàlá (13). Ẹni tó bá ní òun ti da wákàtí mẹ́ta kọ sórí fláàṣì kékeré gígábáìtì méjì, ó ti fún un pa nìyẹn. Ẹ gba èyí tó tóbi. Ẹ má jẹ́ kí WhatsApp jẹ́ ọ̀nà tí ẹ fi gbà á, nítorí ó máa ń bu àwòrán kù. Kí ẹ̀dà mẹ́ta wà: méjì lórí hard drive ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀, ọ̀kan lórí íntánẹ́ẹ̀tì, kí ọ̀kan nínú àwọn hard drive náà sì wà nílùú mìíràn, lọ́dọ̀ ọmọ tó wà ní Èkó tàbí lókè òkun. Iná wa kì í dúró, ó máa ń wọlé pẹ̀lú agbára tó ń jó nǹkan, nítorí náà ẹ yọ hard drive kúrò lára kọ̀ǹpútà ní kété tí ẹ bá ti lò ó tán. Ẹ máa ṣí i wò lẹ́ẹ̀mejì lọ́dún. Lẹ́yìn gbogbo ìwọ̀nyí, ẹ má da ojúlówó náà nù. Bó pẹ́ bó yá, ẹ̀rọ tó lè rí ohun tí tòní kò rí lè dé.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tó ń ya fídíò òde lónìí, ọ̀rọ̀ yìí kàn yín ju bí ẹ ṣe rò lọ. Kásẹ́ẹ̀tì àwọn bàbá wa lo ọgbọ̀n ọdún kó tó bàjẹ́, mẹ́mórì káàdì tiyín kì í lo oṣù kan kí ẹ tó pa á rẹ́ fún òde tó kàn. Kí ẹ tó pa á rẹ́, ẹ pe ẹni tó ni òde. Ẹ sọ iye tí hard drive máa jẹ́ fún un, kí ó yan èyí tó bá fẹ́.

Ohun kan wà tí owó kò lè rà padà, òun sì ni orúkọ. Fídíò tó mọ́ kedere, tí a kò mọ ẹnì kankan nínú rẹ̀, kò ní ohun púpọ̀ tó lè sọ fún ẹni tó ń kọ ìtàn. Àwọn ìyá àti bàbá tó lè wo ojú kan ní 1988 kí wọ́n sì sọ pé ọmọ ilé báyìí ni, ìdílé báyìí ló fẹ́ ẹ, wọ́n ń lọ lọ́kọ̀ọ̀kan. Nítorí náà, ẹ má dúró de ẹnikẹ́ni láti Adó tàbí Èkó. Ní Sátidé tó ń bọ̀ yìí, ẹ gbé àwọn kásẹ́ẹ̀tì náà jáde, ẹ yẹ̀ wọ́n wò, ẹ kán ike ẹ̀yìn wọn. Ẹ fi èyí tó bá ṣeé gbé sẹ́rọ han ìyá àgbà, ẹ ṣí fóònù kó gba ohùn wọn sílẹ̀, kí ẹ sì kọ orúkọ, ọjọ́ àti ìlú sí ara kásẹ́ẹ̀tì kọ̀ọ̀kan kí ilẹ̀ ọjọ́ náà tó ṣú.